Ojú Lọ̀rọ̀ Wà: Iṣẹ́ Ayàwòrán Túndé Kèlání nínú Sinimá Yorùbá

Bí a bá ní kí akẹ́kọ̀ọ́ tí ó ń múra ìdánwò ṣe lámèyítọ́ sinimá Ṣaworoidẹ, ohun mẹ́rin ni yóò kọ́kọ́ wá sí i lọ́kàn: àhunpọ̀ ìtàn, ìfìwàwẹ̀dá, ìlò èdè àti kókó-ọ̀rọ̀. Yóò sọ bí Lápìtẹ́ ṣe gun orí ìtẹ́ Jogbo láìgba gbẹ́rẹ́, yóò to àwọn òwe tí Ọ̀pálábá pa lẹ́sẹẹsẹ, yóò sì fi ẹ̀kọ́ inú ìtàn náà kásẹ̀ ọ̀rọ̀ nílẹ̀. Ohun tí ó kọ kò burú. Ṣùgbọ́n bí olùkọ́ bá fi ọwọ́ bo ìbéèrè tí ó wà lókè, kò ní í lè sọ bóyá ìwé ni akẹ́kọ̀ọ́ náà kà tàbí sinimá ni ó wò. Nínú gbogbo ohun tí ó kọ, kò sí ìlà kan ṣoṣo tí ó sọ ohun tí ojú rí.

A kò lè di ẹ̀bi yìí ru akẹ́kọ̀ọ́ nìkan. Inú lámèyítọ́ ìwé ìtàn àti eré onítàn ni lámèyítọ́ sinimá Yorùbá ti ṣẹ̀ wá, ó sì gbé irinṣẹ́ ilé bàbá rẹ̀ dání wá sí ilé tuntun. Òǹkọ̀wé ni a mọ̀, òṣèré ni a mọ̀, ọ̀gá ẹgbẹ́ eré tí ó fi owó ara rẹ̀ ṣe sinimá ni a sì mọ̀ jù lọ. Ọ̀run Móoru (1982), ti Bàbá Sàlá ni. Taxi Driver (1983), ti Adé Love ni. Ẹni tí ó di kámẹ́rà mú nínú méjèèjì, àárín àwọn orúkọ tí ó máa ń sáré kọjá ní ìparí ni a ti lè rí i, àwọn òǹwòran sì ti ń gbọn aṣọ wọn láti máa lọ sílé nígbà náà.

Túndé Kèlání ni ẹni náà. Àwọn èwe òde òní mọ̀ ọ́n gẹ́gẹ́ bí olùdarí sinimá, wọn kò sì jayò pa. Ṣùgbọ́n ó ju ọdún 10 lọ tí ó fi ya sinimá fún àwọn ẹlòmíràn kí ó tó máa darí tirẹ̀. Iṣẹ́ àkọ́kọ́ yìí, iṣẹ́ ojú, ni ó wà lára ohun tí ó gbé eré Yorùbá sọ̀ kalẹ̀ láti orí ìtàgé. Ẹni tí ó bá sì fi ara balẹ̀ wo àwọn sinimá tí ó darí lẹ́yìn náà yóò rí i pé ibi tí wọ́n ti dára jù lọ ni ibi tí ojú ti ṣiṣẹ́. Ibi tí wọ́n ti rẹ̀ sílẹ̀ ni ibi tí ẹnu ti gba iṣẹ́ ojú ṣe.

Kí a tó lọ jìnnà, ó yẹ kí a sọ ohun tí iṣẹ́ ayàwòrán sinimá jẹ́, nítorí ọ̀pọ̀ ènìyàn rò pé kò ju kí a tẹ kámẹ́rà kí a sì dúró tì í. Olùdarí ni yóò sọ fún òṣèré pé kí ó sunkún. Ayàwòrán ni yóò bá a pinnu bóyá omi ojú nìkan ni òǹwòran yóò rí, tàbí gbogbo àgbàlá tí ẹlẹ́kún náà dá jókòó sí. Òun ni ó ń wá ibi tí ìmọ́lẹ̀ yóò ti wọlé àti ibi tí òjìji yóò ṣubú sí. Òun ni ó mọ̀ bóyá kámẹ́rà yóò tẹ̀ lé ẹni tí ó ń lọ, tàbí yóò dúró kí ẹni náà rìn jáde kúrò nínú àwòrán. Ní gbọ̀ngàn eré, òǹwòran kọ̀ọ̀kan ni ó ń yan ohun tí ó fẹ́ wò: bí ọba ti ń sọ̀rọ̀ lọ, ẹnì kan lè máa wo ìjòyè tí ó ń tòògbé lẹ́yìn rẹ̀. Nínú sinimá, a ti yan ohun tí gbogbo wa yóò wò. Ní ọ̀nà yìí, ayàwòrán jọ asọ̀tàn inú ìwé ìtàn àròsọ, ẹni tí kò sí olùkọ́ tí kì í bi akẹ́kọ̀ọ́ léèrè nípa rẹ̀: ojú ta ni a fi ń wo ìtàn yìí?

Ọjọ́ 26 oṣù kejì ọdún 1948 ni a bí Kèlání ní Èkó. Ọmọ ọdún 5 ni nígbà tí wọ́n mú un lọ sí Abẹ́òkúta láti máa gbé lọ́dọ̀ bàbá rẹ̀ àgbà, Abeokuta Grammar School tí ó wà ní ìlú náà ni ó sì lọ. Yíya fọ́tò ni ó kọ́kọ́ gbà á lọ́kàn. Ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1970, ó wọ iṣẹ́ tẹlifíṣàn ìjọba Ìwọ̀-Oòrùn ní Ìbàdàn, èyí tí a ti dá sílẹ̀ ní 1959. Lẹ́yìn èyí ni ó lọ kọ́ṣẹ́ ní London International Film School, tí ó sì padà wálé ní òpin àwọn ọdún 1970 náà. Ó tún ya àwòrán ìròyìn fún Reuters àti BBC. Kì í ṣe ọmọ ẹgbẹ́ alárìnjò nígbà kan rí, kókó yìí sì ṣe pàtàkì. Àwọn tí ó pè é wá ṣiṣẹ́ jẹ́ ẹni tí wọ́n ti kọ́ bí a ti ń fi ohùn mú ènìyàn láti orí ìtàgé. Òun ní tirẹ̀ ti kọ́ bí a ti ń fi àwòrán ṣe é, yálà ohùn wà níbẹ̀ tàbí kò sí.

Ìdààmú Páàdì Mínkáílù, eré onítàn Adébáyọ̀ Fálétí, ni ó fi bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ sinimá gígùn ní 1979. Lẹ́yìn rẹ̀ ni ó ya Ọ̀run Móoru, Taxi Driver, Aníkúrá, Ìyá Ni Wúrà, Ogun Àjàyè, Ìwà àti Fọpomọ́yọ̀. Bí a bá to orúkọ àwọn tí ó ni sinimá wọ̀nyí, ó kù díẹ̀ kí a to gbogbo ìran eré Yorùbá ìgbà náà tán, láti ọ̀dọ̀ Moses Ọláìyá dé ọ̀dọ̀ Jímọ̀ Àlíù.

Fíìmù 16mm ni wọ́n ń lò jù. Ìdì rẹ̀ kan tí gígùn rẹ̀ jẹ́ ẹsẹ̀ bàtà 400 kò ju iṣẹ́jú 11 lọ, owó òkèèrè ni wọ́n sì fi ń rà á. Bí wọ́n bá ya ìran kan lẹ́ẹ̀kan tí kò dára, ọ̀gá ẹgbẹ́ yóò ti máa fi ojú wọn ìdì tí ó kù. Òkè-òkun, pàápàá Lọ́ńdọ́ọ̀nù, ni wọ́n ń kó fíìmù eré gígùn lọ fọ̀. Ọ̀sẹ̀ púpọ̀ lè kọjá kí ẹnikẹ́ni tó rí ohun tí a yà. Bí iná bá kéré jù, bí irun kan ṣoṣo bá há sí ojú ihò tí ìmọ́lẹ̀ ń gbà wọ inú kámẹ́rà, ìgbà tí ìròyìn náà yóò fi dé, ẹgbẹ́ eré ti túká, aṣọ tí wọ́n yá ti padà sọ́dọ̀ ẹni tí ó ni í, àgbàdo tí ó wà lẹ́yìn ilé nínú àwòrán náà ti di kíkórè. Nítorí náà, inú orí ni ayàwòrán ti gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ rí àwòrán rẹ̀ parí.

Fíìmù fúnra rẹ̀ tún ní ẹ̀tanú tirẹ̀. Awọ ara àwọn òyìnbó ni àwọn tí ó ṣe é fi ṣe òṣùwọ̀n. Ẹ mú ọkùnrin dúdú kan, kí ẹ wọ agbádá léèsì funfun fún un, kí ẹ sì mú un dúró nínú oòrùn ọ̀sán gangan. Bí ayàwòrán bá wọn ìmọ́lẹ̀ fún aṣọ, ojú ọkùnrin náà yóò di èédú tí kò ní imú kò ní ẹnu. Bí ó bá wọ̀n ọ́n fún ojú, aṣọ yóò di ẹfun tí a dà sílẹ̀, gbogbo iṣẹ́ ara léèsì yóò sì parẹ́. Kí a tó lè rí ojú àti aṣọ pa pọ̀, ẹnì kan ní láti mọ ìgbà tí oòrùn yóò rọlẹ̀, igi tí ó yẹ kí òṣèré dúró sí abẹ́ rẹ̀, àti ibi tí a ó gbé pátákó funfun sí tí yóò dá ìmọ́lẹ̀ padà sí i lójú. Kò sí òǹwòran tí í pàtẹ́wọ́ fún irú iṣẹ́ yìí. Àìsí rẹ̀ ni ènìyàn í tètè rí.

Bí ti fíìmù ti le tó, ti òṣèré le jù ú lọ. Òṣèré alárìnjò ti ń ti ìlú dé ìlú. Ó ti kọ́ bí a ti ń ju ohùn sí ẹni tí ó jókòó sórí ìjókòó ìkẹyìn, ó ti kọ́ bí a ti ń gbé apá sókè kí ẹni tí ó wà lẹ́nu ọ̀nà lè rí i. Kámẹ́rà kò sí lẹ́nu ọ̀nà. Ó lè wà ní ìwọ̀n apá kan sí imú òṣèré. Ọ̀nà méjì ni ó ṣí sílẹ̀ fún ayàwòrán. Ó lè fà sẹ́yìn kí ó ya gbogbo ìtàgé bí ẹni tí ó ra tíkẹ́ẹ̀tì, tàbí kí ó súnmọ́ ọn kí ó sì rọ òṣèré pé kí ó rẹ ohùn rẹ̀ sílẹ̀, kí ó jẹ́ kí ìpéǹpéjú ṣe ohun tí apá ń ṣe tẹ́lẹ̀. Ẹni tí ó bá wo sinimá ìgbà náà yóò rí ọ̀nà méjèèjì nínú sinimá kan ṣoṣo, nígbà mìíràn nínú ìran kan ṣoṣo.

Hubert Ògúndé tètè mọ̀ pé kámẹ́rà ní agbára tí ìtàgé kò ní. Nínú Aiyé (1979), tí Ọlá Balógun darí, oṣó àti àjẹ́ ń yọ, wọ́n sì ń pòórá. Ọgbọ́n tí ó wà nídìí irú nǹkan báyìí ti wà láti ìgbà Georges Méliès ní ilẹ̀ Faransé ní òpin ọ̀rúndún 19: a ó dá kámẹ́rà dúró, àwọn òṣèré yòókù yóò dúró gbọin, ẹni tí yóò pòórá yóò rìn kúrò, a ó sì tún kámẹ́rà ṣí. Lórí ìtàgé, aṣọ ìkélé àti èéfín ni à bá fi ṣe é. Ìran bí irú èyí wà nínú Ọ̀run Móoru náà, níbi tí Lámídì, ọkùnrin tí àwọn gbájúẹ̀ ti fọ́ ajé rẹ̀, ti dé ọ̀run. Kò sí aṣọ ìkélé tí yóò sọ fún wa pé ayé ti parí, ọ̀run ti bẹ̀rẹ̀. Àwòrán nìkan ni ó lè ṣí ilẹ̀kùn náà.

Àwọn ará Japan ti bá irú ìjàkadì yìí pàdé ní nǹkan bí 60 ọdún ṣáájú, nígbà tí sinimá kò tíì ní ohùn, ìtàn tiwọn sì tan ìmọ́lẹ̀ sí tiwa. Inú eré kabuki ni sinimá wọn ti gba ọ̀pọ̀ ìwà rẹ̀. Ọkùnrin ni ó ń ṣe obìnrin. Kámẹ́rà a sì máa dúró sójú kan bí ẹni tí ó jókòó ní gbọ̀ngàn. Ní ẹ̀gbẹ́ aṣọ funfun tí àwòrán ń hàn sí ni ẹnì kan máa ń dúró sí, tí wọ́n ń pè ní benshi, tí ó ń sọ ìtàn náà fún àwùjọ, tí ó ń fọhùn fún ọkùnrin, tí ó ń fọhùn fún obìnrin. Ọ̀pọ̀ ènìyàn ni ó ń lọ sí ilé sinimá nítorí benshi, kì í ṣe nítorí òṣèré. Agbára wọn wà lára ohun tí ó jẹ́ kí sinimá aláìlóhùn pẹ́ ní Japan títí dé àárín àwọn ọdún 1930, nígbà tí Amẹ́ríkà ti ń fi ohùn sí tirẹ̀ láti 1927.

Ní 1920, ilé-iṣẹ́ Shochiku pe Henry Kotani wálé. Hiroshima ni a bí i sí ní 1887, ṣùgbọ́n Amẹ́ríkà ni ó dàgbà sí, Hollywood ni ó sì ti kọ́ iṣẹ́ kámẹ́rà. Ó mú ọgbọ́n bí a ti ń darí ìmọ́lẹ̀ sí ojú òṣèré wá, àwọn ọ̀dọ́ ayàwòrán sì kọ́ṣẹ́ lọ́dọ̀ rẹ̀. Bí a bá fi ti Kotani wé ti Kèlání, a ó rí àwọn méjì tí wọ́n ti òkèèrè gbé ojú tuntun wá bá àṣà eré tí ó ti gbó. Ìyàtọ̀ wọn ni pé Kotani ní ilé-iṣẹ́ kan tí ó ń san owó oṣù fún un. Kèlání ní tirẹ̀ ń ti ọ̀dọ̀ ọ̀gá eré kan bọ́ sí ọ̀dọ̀ òmíràn, kò sì sí ilé-iṣẹ́ kan tí ó kó iṣẹ́ gbogbo wọn jọ sójú kan. Ohun kan ni ó pa wọ́n pọ̀ jù. Ní Japan, ohùn benshi bo iṣẹ́ ayàwòrán mọ́lẹ̀. Nílẹ̀ Yorùbá, ohùn òṣèré ni ó bò ó.

Nígbà tí iye owó náírà já wálẹ̀ láti 1986, kò sí ọ̀gá eré tí agbára rẹ̀ tún ká à ti máa kó fíìmù lọ fọ̀ ní Lọ́ńdọ́ọ̀nù. Fídíò ni wọ́n yà sí. Kèlání ṣiṣẹ́ igbákejì olùdarí nínú Mister Johnson (1990), tí àwọn ará Amẹ́ríkà wá ṣe ní Nàìjíríà. Lẹ́yìn náà ni ó dá Mainframe sílẹ̀, tí a mọ̀ sí Òpómúléró. Ti Olúwa Ni Ilẹ̀ jáde ní 1993, Kareem Adépọ̀jù tí a ń pè ní Bàbá Wándé sì di ẹni tí ọmọdé ń sá tẹ̀ lé ní títì. Fọ́nrán VHS ìgbà náà kò lè gba ìmọ́lẹ̀ àti òkùnkùn papọ̀ dáadáa, ẹ̀rọ rẹ̀ sì rọrùn débi pé ẹni tí kò kọ́ṣẹ́ rárá lè gbé e kọ́ èjìká. Ohun tí ó ya iṣẹ́ Kèlání sọ́tọ̀ ni pé ó ń ya fídíò bí ẹni tí ìdì iṣẹ́jú 11 rẹ̀ ṣì ń tán lọ. Kámẹ́rà rẹ̀ kì í rìn gbéregbère. Ìtàn ilẹ̀ àjogúnbá tí àwọn ìjòyè tà fún ẹni tí yóò kọ́ ilé epo sí i ni Ti Olúwa Ni Ilẹ̀, bí Ọ̀tún sì ti ń sá kiri, ilẹ̀ náà kò jẹ́ kí òǹwòran gbàgbé òun.

Ìgbà tí ó yíjú sí iṣẹ́ Akínwùmí Ìṣọ̀lá ni lámèyítọ́ rí ohun tí ó lè fi ṣe ìwọ̀n. Kòṣeégbé di sinimá ní 1995, Ó Le Kú tẹ̀ lé e ní 1997. Ọdún 23 ni ìwé ìtàn àròsọ Ó Le Kú ti fi wà lọ́wọ́ òǹkàwé kí sinimá rẹ̀ tó jáde. Gbogbo ènìyàn ni ó ti rẹ́rìn-ín sí ọ̀rọ̀ ẹnu àwọn akẹ́kọ̀ọ́ Yunifásítì inú rẹ̀, gbogbo ènìyàn ni ó ti bá Àjàní dààmú láàrin Àṣàkẹ́, Lọlá àti Ṣadé. Síbẹ̀, kò sí télọ̀ tí ó gbé sísọ́ọ̀sì nítorí ìwé náà. Sinimá dé, ó sì mú ìró péńpé àti bùbá tí àwọn ìyá wa ń wọ̀ nígbà èwe wọn padà sóde. Olékú ni wọ́n ń pè é títí di òní. Ẹ̀rí gidi ni èyí jẹ́ fún olùkọ́ tí akẹ́kọ̀ọ́ bá bi léèrè pé kí ni àwòrán lè fi kún ìwé. Ìṣọ̀lá fi èdè mú wa gbọ́ ìgbà kan tí ó ti kọjá. Kámẹ́rà ní láti wá ìgbà náà rí nínú Ìbàdàn ọdún 1997, kí ó yan igun tí ó gbé e, kí ó sì yí ojú kúrò lára gbogbo ohun tí yóò tú àṣírí. Akẹ́kọ̀ọ́ tí ó bá kọ̀wé pé sinimá náà "tẹ̀ lé ìwé dáadáa" kò tíì sọ nǹkan kan.

Ṣaworoidẹ (1999) yàtọ̀ sí èyí, nítorí sinimá ni Ìṣọ̀lá kọ ọ́ fún. Ẹ̀yìn rẹ̀ ni ìwé tó jáde. Òǹkọ̀wé náà mọ̀ pé ojú ni yóò kọ́kọ́ kà á. Májẹ̀mú kan wà láàrin ọba Jogbo, ìlù ṣaworoidẹ àti adé idẹ. Gbẹ́rẹ́ ni ó so wọ́n pọ̀. Lápìtẹ́, tí Kọ́lá Oyèwọ̀ ṣe, kọ̀ láti gba gbẹ́rẹ́ kí ó lè rí ìlú jẹ. Nígbà tí ọ̀rọ̀ bàjẹ́ tán, Lágata ọmọ ogun gba ìjọba, ó sì gbé adé lé orí. Nígbà náà ni Àyàngalú fi ọ̀pá kan ìlù. Bí eré inú ìwé ni, ìlà méjì nínú àkámọ́ ni yóò sọ fún wa pé orí ń fọ́ ọkùnrin náà, ó sì ṣubú. Nínú sinimá, ojú wa ni ó ń lọ tí ó ń bọ̀ láàrin ọ̀pá ìlù àti orí tí adé wà. Àwọn èrò pọ̀ ní ibẹ̀, etí gbogbo wọn ni ó gbọ́ ìlù, ṣùgbọ́n orí ẹnì kan ṣoṣo ni ìlù náà ń bá wí. Kò sí àgbà kankan tí ó ní láti dìde ṣàlàyé rẹ̀. A ti rí gbẹ́rẹ́ tí a kọ̀ ní ìbẹ̀rẹ̀. Ojú wa ti rántí kí ọkàn wa tó rò ó. Àwọn olùkọ́ fẹ́ràn láti sọ pé sinimá yìí ń bá ìjọba ológun wí, òótọ́ sì ni, nítorí ọdún tí ó jáde gan-an ni àwọn ológun fi ipò sílẹ̀. Ṣùgbọ́n ọ̀pọ̀ eré ni ó ti bá ológun wí tí a ti gbàgbé. Ìran ìlù àti adé yìí ni a kò gbàgbé.

Agogo Èèwọ̀ (2002) tẹ̀síwájú nínú ìtàn Jogbo, ó sì yẹ kí a sọ òtítọ́ nípa rẹ̀ láìfi bọpobọyọ̀ ṣe: kò tó Ṣaworoidẹ. Ọba tuntun, ọlọ́pàá tí ó ti fẹ̀yìn tì, ń fẹ́ tún ìlú ṣe. Àwọn ìjòyè ń fẹ́ máa jẹ bí wọ́n ti ń jẹ. Kókó-ọ̀rọ̀ rẹ̀ lágbára. Àmọ́ nínú ọ̀pọ̀ ìran rẹ̀, àwọn ènìyàn jókòó, wọ́n sọ̀rọ̀. Kámẹ́rà wo ẹni tí ó ń sọ ọ́, ó tún wo ẹni tí ó dá a lóhùn. Ayàwòrán ti padà di ẹni tí ó ra tíkẹ́ẹ̀tì. Àwọn kan lè jiyàn pé ọ̀rọ̀ ni oyin ẹnu Yorùbá, àti pé sinimá tí kò bá jẹ́ kí àgbà sọ̀rọ̀ tẹ́rùn kì í ṣe ti wa. Àwíjàre yìí kò lọ jìnnà. Yorùbá kan náà ni ó ń fi ojú bá ọmọ wí níwájú àlejò, tí ọmọ yóò sì gbé ẹran padà sínú àwo láìsí pé ẹnikẹ́ni la ẹnu. Ìyá tí ó bá ní láti sọ ọ́ jáde, ọmọ rẹ̀ kò tíì gbọ́ ojú. Nínú Arugbá (2008), tí ó dá lórí ọdún Ọ̀ṣun, ojú tún padà gba iṣẹ́ rẹ̀. Bóyá nítorí pé ọdún fúnra rẹ̀ jẹ́ ohun tí a kò lè fi ẹnu nìkan ròyìn.

Iṣẹ́ náà ti bí ọmọ. Kúnlé Afọláyan, ọmọ Adé Love tí Kèlání ya Taxi Driver fún, ni ó ṣe Arẹ́sẹ̀jábàtà nínú Ṣaworoidẹ. Nígbà tí òun náà darí The Figurine ní 2009, Yinka Edward ni ó yà á, àwòrán rẹ̀ sì gba ẹ̀bùn AMAA ní 2010. A ti ń dárúkọ ayàwòrán lórí àga ọlá báyìí. A kò tíì máa dárúkọ rẹ̀ nínú ìwé ìdáhùn.

Ohun tí olùkọ́ yóò fi kọ́ni pàápàá ti di ìṣòro. Ní àwọn ọdún tí fídíò CD gbòde, àwọn ọmọ tí ń kiri ọjà láàrin súnkẹrẹ-fàkẹrẹ ọkọ̀ ní Ọjọ́ta àti Kẹ́tu a máa ta àwo kan ṣoṣo tí wọ́n ti há sinimá 10 mọ́ inú rẹ̀. Ẹ̀dà ẹ̀dà ni. Òkùnkùn inú rẹ̀ ti gbé ojú òṣèré mì, orí ọba ti gé kúrò lókè àwòrán, àwọ̀ idẹ ti di àwọ̀ ẹrẹ̀. Akẹ́kọ̀ọ́ tí ó wo Ṣaworoidẹ lórí irú àwo bẹ́ẹ̀ kò jẹ̀bi bí ó bá rò pé kò sí ohun tí ojú lè rí níbẹ̀. Olè yìí kò ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀. Nígbà ayé fíìmù 16mm, ọ̀gá eré a máa bá ẹ̀dà sinimá rẹ̀ rìn láti ìlú dé ìlú, nítorí ẹ̀rù pé kí wọ́n má jí i dà kọ. Wọ́n jí Ọ̀run Móoru dà kọ síbẹ̀, gbèsè rẹ̀ sì wó Moses Ọláìyá mọ́lẹ̀.

Sinimá a máa sọnù, a sì máa di rírí. Ní 1926, Teinosuke Kinugasa ṣe sinimá aláìlóhùn kan ní Japan tí a mọ̀ ní èdè Gẹ̀ẹ́sì sí A Page of Madness. Yasunari Kawabata, tí ó gba ẹ̀bùn Nobel ní 1968, wà lára àwọn tí ó kọ ìtàn rẹ̀. Kohei Sugiyama ni ó yà á. Kò ní àkọlé kankan tí ń ṣàlàyé ọ̀rọ̀ láàrin àwòrán, ojú ni ó gbé gbogbo rẹ̀. Wọ́n ti gbà pé ó ti ṣègbé kí Kinugasa tó rí i láàrin ẹrù rẹ̀ ní 1971. Nílẹ̀ wa, Shaihu Umar (1976), sinimá Hausa tí Adamu Halilu ṣe láti inú ìwé Abubakar Tafawa Balewa, ti di ohun àwátì kí wọ́n tó rí i ní Jos. Wọ́n tún un ṣe, wọ́n sì fi í hàn ní Berlin ní 2018. Nínú ìtàn méjèèjì, orúkọ òǹkọ̀wé ni ọ̀pọ̀ ènìyàn kọ́kọ́ mọ̀. Ọ̀pọ̀ jù lọ nínú sinimá tí Kèlání yà fún ẹlòmíràn láti 1979 kò sí ní àrọ́wọ́tó olùkọ́, nítorí náà ìdajì iṣẹ́ ayàwòrán tí ó dára jù lọ ní èdè yìí ni à ń gbọ́ ìròyìn rẹ̀ lásán.

Ohun tí ó wà nílẹ̀ tó bẹ̀rẹ̀. Olùkọ́ tí ó bá ní ẹ̀dà Ṣaworoidẹ tí ó mọ́ lè pa ohùn rẹ̀ fún iṣẹ́jú 10 tí ó gbẹ̀yìn, kí ó sọ ọ́ di sinimá aláìlóhùn, kí ó má sì ṣe benshi fún kíláàsì rẹ̀. Kí àwọn akẹ́kọ̀ọ́ kọ ohun tí ojú wọn rí: ibi tí onílù dúró sí, ẹni tí àwòrán súnmọ́, ẹni tí ó fi sílẹ̀ lókèèrè, ìgbà tí ọwọ́ kan orí. Lẹ́yìn náà, kí ó fi iṣẹ́jú 10 láti inú ìpàdé àwọn ìjòyè nínú Agogo Èèwọ̀ ṣe bákan náà. Ní ti àkọ́kọ́, ìwé wọn yóò kún. Ní ti èkejì, kò ní í pẹ́ tí ẹnì kan yóò fi nawọ́ sókè, tí yóò sì béèrè pé kí ni wọ́n ń sọ.